Etí Òsì Bàbá Mi

Nígbà tí èmi àti àbúrò mi ọkùnrin wà ní kékeré, òfin kan wà nínú ilé wa tí ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ rú: a kò gbọdọ̀ rìn lọ́wọ́ òsì bàbá wa. Tí a bá ń lọ sí mọ́ṣáláṣí lọ́jọ́ Jímọ̀, ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ ni a máa ń tò sí. Bí ọ̀kan nínú wa bá gbàgbé, tó sáré gba òsì, bàbá wa á dúró gbọnin létí títì, á ní, "Sójà, ipò rẹ dà?" A ó bú sẹ́rìn-ín, a ó sáré padà sí ọ̀tún. A rò pé bí wọ́n ṣe ń ṣe é ní bárékè nìyẹn. Mo ti dàgbà, mo ti di olùkọ́ níléèwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kan níbí ní Ìjẹ̀bú-Òde, kí n tó mọ̀ pé kò sí irú òfin bẹ́ẹ̀ ní bárékè kankan.

Iṣẹ́ sójà ni bàbá mi ṣe nígbà èwe rẹ̀. Oyún mi wà nínú ìyá mi nígbà tí wọ́n kó wọn lọ sí ogun Làìbéríà. Nígbà tó fi máa padà dé, mo ti ń rìn. Wọ́n ní mo sá fún un, mo lọ dì mọ́ ìyá mi lẹ́sẹ̀. Kò sí ọgbẹ́ kankan lára rẹ̀ tí ènìyàn lè fojú rí. Àwọn ará àdúgbò bá wa dúpẹ́, wọ́n ní ẹni tó lọ sójú ogun, tó sì bọ̀ pẹ̀lú ọwọ́ méjì, ẹsẹ̀ méjì, kí ló tún ń wá lọ́dọ̀ Ọlọ́run? Ó lo ọdún mélòó kan sí i nínú iṣẹ́ náà kó tó fi í sílẹ̀. Lẹ́yìn náà ló rí iṣẹ́ sí sọ́mìílì kan lẹ́yìn ìlú, níbi tí wọ́n ti ń la gẹdú. Òun ló ń ka igi tó wọlé àti pákó tó jáde. Láti àárọ̀ di ìrọ̀lẹ́ ni ẹ̀rọ ń ké níbẹ̀, tí oníkálùkù ń pariwo sétí ara wọn. Kò sí ẹni tó lè mọ ẹni tó ń gbọ́ àti ẹni tí kò gbọ́ níbẹ̀.

Nílé, ènìyàn jẹ́ẹ́ ni. Bí a bá pè é, nígbà mìíràn á dáhùn, nígbà mìíràn kò ní wojú wa. Ìyá mi, tó ń ránṣọ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé wa, á dìde nídìí ẹ̀rọ rẹ̀, á yí lọ síwájú rẹ̀, á fi ìka méjì kan tábìlì. Ìgbà yẹn ni bàbá mi á tó gbójú sókè. Bí àlejò bá dé, ìyá mi á fa àga sí ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀, ohunkóhun tí àlejò bá sì sọ, á tún un sọ bí ẹni tó ń fi ohùn sí i: "Háà, ẹ̀yin lẹ ní ọ̀túnla lẹ ń lọ?" Àwọn ẹbí bàbá mi a máa fi í ṣẹ̀fẹ̀ pé ìyàwó yìí kì í jẹ́ kí ọ̀rọ̀ balẹ̀. Ní mọ́ṣáláṣí ẹ̀wẹ̀, ìparí sàfù, ìlà àwọn tó ń kírun, lápá òsì ni bàbá mi máa ń dúró sí. Wọ́n yìn ín fún ìyẹn. Wọ́n ní kò du iwájú pẹ̀lú ẹnikẹ́ni.

Èmi kò yìn ín. Mo rántí ọjọ́ kan tí mo gba ipò kìíní nílé ìwé. Mo sáré wọlé, mo dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ àga rẹ̀ lápá òsì, mo ka èsì ìdánwò mi sí i létí láti òkè délẹ̀. Ó ń wo ojú rédíò rẹ̀. Nígbà tí mo parí, n kò rí èsì kankan gbà, mo ká ìwé náà, mo sì lọ sẹ́yìn ilé. Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti gbà á lọ́kàn pé bàbá mi kò ka ọmọbìnrin sí. Mo gbé èrò yẹn rù títí mo fi lé ní ọgbọ̀n ọdún.

Ọ̀sán gangan ni ìyá mi kú. Ọdún kẹrin rèé. Wọ́n ti kírun Àyílà tán, ó sì lọ wẹ̀ ní balùwẹ̀ tó wà lẹ́yìn ilé. Ẹ̀jẹ̀ ríru ti ń bá a fínra tipẹ́. Ibẹ̀ ló ṣubú sí. Bàbá mi wà ní pálọ̀, ó ń gbọ́ ìròyìn. Ẹni tó gbọ́ ọ ni ìyá àgbà kan tí ògiri kan ṣoṣo pààlà láàárín ilé wa àti tiwọn. Ó ní òun kọ́kọ́ gbọ́ tí ó ń pe, "Bàbá ọmọ mi! Bàbá ọmọ mi!" Lẹ́yìn náà, ohùn náà kò jáde mọ́, ṣùgbọ́n òun ń gbọ́ tí ẹnì kan ń lu garawa, gbàn, gbàn, gbàn. Ó sáré yí gba iwájú. Bàbá mi rí i bó ṣe wọlé, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó ní, "Ẹ káàsán o." Ìyá àgbà náà gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá. Ó bá ìyá mi nílẹ̀, ọwọ́ rẹ̀ ṣì wà lára garawa.

A gbé e dé ọsibítù, ṣùgbọ́n ẹ̀pa kò bóró mọ́. Àárọ̀ ọjọ́ kejì ni a sin ín.

Lọ́jọ́ kẹjọ, nígbà tí àwọn ààfáà ti ṣàdúà tán, tí èrò sì ti túká, ìyá àgbà náà tún ìtàn yẹn sọ. Kò sọ ọ́ láti bà wá jẹ́; ìbànújẹ́ ló ń mú un sọ ọ́. Àbúrò mi kọjú sí bàbá wa. Ó ní, "Bàbá, ṣé ẹ wà ńlé lọ́jọ́ náà àbí ẹ ò sí ńlé?"

Bàbá mi ní, "Mo wà ńlé."

"Ẹ ò gbọ́ wọn?"

Bàbá mi wolẹ̀.

Èmi ni mo sọ èyí tó kù. Kò sí ẹni tó rán mi. Mo ní, "Bí ẹni tó wà lẹ́yìn ògiri bá gbọ́, tí ẹni tó wà nínú ilé ò gbọ́, a jẹ́ pé kò fẹ́ gbọ́ ni."

Mo rí i tó ń wo ẹnu mi. Ó mọ ohun tí mo sọ. Ó dìde, ó gbé fìlà rẹ̀ dé, ó sì wọ yàrá lọ. Àbúrò mi padà sí Ìbàdàn ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, kò sì bá a sọ̀rọ̀ mọ́. Èmi tí mo wà nílùú kan náà pẹ̀lú rẹ̀ ń gbé oúnjẹ lọ fún un ní gbogbo ọjọ́ Jímọ̀. N ó gbé e sórí tábìlì, n ó ní, "Ẹ kú ilé," n ó sì máa lọ. Báyìí la ṣe é fún ọdún mẹ́ta.

Lọ́dún tó kọjá, òòyì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ bàbá mi. Lọ́jọ́ kan ó dì mọ́ òpó níwájú mọ́ṣáláṣí kó má bàa ṣubú, ni wọ́n bá pè mí. Mo gbé e lọ sọ́dọ̀ dókítà kan. Ọ̀dọ́kùnrin ni dókítà náà, kò sì kánjú. Ó tan iná sí etí ọ̀tún rẹ̀, ó tan án sí òsì, ó tún padà sí òsì. Ó wá yíjú sí mi.

"Mà, láti ìgbà wo ni etí òsì yìí ti kú?"

Mo ní, "Kò sí ohun tó ṣe etí wọn. Wọn kàn kì í dáni lóhùn ni."

Dókítà náà pa iná rẹ̀. Ó ní awọ inú etí náà ti ya tipẹ́tipẹ́, ó sì ti jinná ní jákujàku. Ó ní ohun ńlá kan ló ti bú gbàù lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ nígbà kan rí, ibẹ̀ sì ni òòyì náà ti ń wá. Ó ní etí ọ̀tún tó ti ń ṣiṣẹ́ méjì láti gbogbo ọdún wọ̀nyí wá náà ti ń rẹ̀ ẹ́.

N kò mọ bí mo ṣe jáde. Lórí bẹ́ǹṣì tó wà ní ìta, mo jókòó sí ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀. Mo ní, "Bàbá, láti ìgbà wo?"

Ó ní, "Láti Làìbéríà."

"Ta ló mọ̀?"

"Ìyá yín."

Dókítà yẹn náà ló sọ fún mi pé ìjọba ní owó kan tí wọ́n ń san fún sójà tó fara gbọgbẹ́ lẹ́nu iṣẹ́, yàtọ̀ sí owó ìfẹ̀yìntì. Ó ní bí ọjọ́ tilẹ̀ ti pẹ́, wọ́n ṣì lè gba ìwé rẹ̀ wò. Bàbá mi kọ̀ ọ́. Ó ní kí n fi í sílẹ̀. Èmi ni n kò gbà. Kì í ṣe owó ni mo ń wá. Mo fẹ́ kí ọ́fíìsì kan tó ní òǹtẹ̀ sọ pé wọ́n pa bàbá mi lára, nítorí pé èmi tí mo yẹ kí n sọ ọ́, ohun mìíràn ni mo ti fi ẹnu mi sọ.

Ọjọ́ Àìkú kan la jókòó ti fọ́ọ̀mù náà. Mo ń ka ìbéèrè sókè, mo ń kọ ìdáhùn rẹ̀ sílẹ̀. Níbo ló ti ṣẹlẹ̀? Ó dáhùn. Ta ló tọ́jú rẹ? Ó ní kò sí. Kí ló dé tí o kò fi béèrè láti ìgbà yẹn wá?

"Wọn ò kọ ọ́ sílẹ̀," ó ní. "Èmi ni mo ní kí wọ́n má kọ ọ́."

Mo kọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Mo ka èyí tó tẹ̀ lé e: kí ni ìpalára yìí ti ṣe sí ìgbé ayé rẹ? Mo rò pé yóò sọ̀rọ̀ òòyì, tàbí bó ṣe ṣòro fún un láti sọdá títì nítorí àwọn ọlọ́kadà. Ó pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi rò pé kò gbọ́, mo sì tún un kà.

Ó ní, "Mo gbọ́ ọ. Kọ ọ́ pé ìyàwó mi pè mí."

Mo ní, "Ẹ ní kí n kọ kí ni?"

Ó ní, "Kọ ọ́ pé ó pè mí, n ò gbọ́. Ó mọ̀ pé n ò ní í gbọ́ ohùn òun láti ibẹ̀. Ìdí nìyẹn tó fi lu garawa. Bẹ́ẹ̀ la ti jọ sọ ọ́, pé bí nǹkan bá ṣe òun, kí òun lu nǹkan. Irin a máa dé inú etí mi nígbà mìíràn. Lọ́jọ́ náà, rédíò wà nítòsí, kò dé ibẹ̀."

Ọdún mẹ́ta ni mo ti ń gbọ́ ìró garawa yẹn nínú ọkàn mi, n kò sì bi ara mi rí pé kí ló dé tí ẹni tó ń kú lọ fi ń lu garawa. Mo kúnlẹ̀. Mo ní, "Bàbá, ẹ foríjì mí. Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún wa? Lọ́jọ́ kẹjọ yẹn, tí mo sọ̀rọ̀ burúkú yẹn sí yín, kí ló dé tí ẹ ò sọ̀rọ̀?"

Ó ní, "Ẹni tí ìyàwó rẹ̀ pè títí tó fi kú, ṣé ó tún yẹ kó máa wá àwíjàre? Òótọ́ ni pé mo wà ńlé. Ẹ pè mí ní ìkà, mo gbà á. Ó sàn fún mi kí ẹ ní mo gbọ́ tí n ò dìde, ju kí ẹ mọ̀ pé irú èmi yìí ni ìyá yín gbójú lé láti gba òun."

Ó gbà mí dìde. Ó ní kí n kọ ohun tó bá wù mí síbẹ̀. Mo kọ ọ́ pé kò gbọ́rọ̀ dáadáa mọ́.

Fọ́ọ̀mù náà ń béèrè ẹlẹ́rìí, ẹni tó wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí nǹkan náà ṣẹlẹ̀. Bàbá mi ní ẹnì kan ṣoṣo ló kù tí òun mọ̀, ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan tí wọ́n jọ jà, tó ń dáko ní Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀. A wọ ọkọ̀ lọ bá a. Bí ọkùnrin náà ṣe rí bàbá mi, ó yí gba ọ̀tún rẹ̀ wá láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni sọ fún un, ó sì dì mọ́ ọn. Mo ṣàlàyé ohun tí a bá wá. Ó jókòó sórí àpótí, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún bí ọmọdé.

Ó ní òun ló ń bójú tó àwọn tó fara pa lọ́jọ́ náà. Ọta ńlá kan balẹ̀ lẹ́yìn ògiri tí bàbá mi fara tì. Nígbà tí eruku lọ sílẹ̀, ẹ̀jẹ̀ ń jáde ní etí rẹ̀.

"Èmi ni ìwé wà lọ́wọ́ mi," ó ní. "Mo ti ń kọ orúkọ rẹ̀. Mo ti kọ lẹ́tà méjì. Ni bàbá rẹ bá di ọwọ́ mi mú. Ó ní kí n jọ̀ọ́, bí mo bá kọ ọ́, wọ́n á dá òun padà sílé gẹ́gẹ́ bí ẹni tí kò wúlò mọ́, iṣẹ́ òun sì ti parí nìyẹn. Ó ní oyún wà nínú ìyàwó òun. Ọmọ mi, mo fi bírò pa orúkọ náà rẹ́."

Bàbá mi ń wo ẹnu rẹ̀. Ó ní, "Èmi ni mo bẹ̀ ẹ́. Má sunkún mọ́."

"Ọ̀dọ́mọdé ni mí nígbà yẹn," ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní. "Mo rò pé oore ni mo ṣe."

Ọ̀rẹ́ rẹ̀ bá wa lọ sí kóòtù, ó búra, ó sì fọwọ́ sí ìwé. Èmi tí mo jókòó sẹ́yìn ń ronú oyún tí wọ́n ń sọ. Èmi ni oyún náà. Èmi tí mo ká èsì ìdánwò mi, tí mo ní bàbá mi kò fẹ́ràn mi, nítorí mi ló ṣe fi ẹ̀jẹ̀ etí rẹ̀ pa mọ́.

A fi ìwé ránṣẹ́. Wọ́n pe bàbá mi lọ sí Èkó fún àyẹ̀wò, a lọ. Àwọn tó yẹ̀ ẹ́ wò ṣe dáadáa sí i. Obìnrin kan tó wà níbẹ̀ a máa dìde nídìí tábìlì rẹ̀, á wá sí ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ kó tó béèrè ọ̀rọ̀. Ọkàn mi balẹ̀ nítorí obìnrin yẹn. Lẹ́yìn ìyẹn, a ń retí. Oṣù ń gorí oṣù. Ní gbogbo àkókò náà, etí ọ̀tún ń kú lọ. Lákọ̀ọ́kọ́ mo ní láti sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀mejì, lẹ́yìn náà ó di ká pariwo, lẹ́yìn náà mo ra ìwé kan sórí tábìlì, mo so bírò mọ́ ọn.

Nígbà tí lẹ́tà dé, bàbá mi fúnra rẹ̀ ló kà á. Ó pẹ́ lórí rẹ̀, ó ń fi ìka tọ ọ̀rọ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Wọ́n gbà pé etí òsì ti kú. Ṣùgbọ́n kò sí àkọsílẹ̀ kankan láti ojú ogun tó ní ó fara pa. Nínú ìwé àyẹ̀wò tí wọ́n ṣe fún un nígbà tó ń fi iṣẹ́ sílẹ̀, wọ́n kọ ọ́ pé etí rẹ̀ méjèèjì pé. Wọ́n ní ìbúra ọ̀rẹ́ nìkan kò tó lẹ́yìn ọdún tó ti pẹ́ tó yìí, ó sì ṣeé ṣe kó jẹ́ pé ọjọ́ orí ló fà á.

Mo bínú. Mo kọ ọ́ sínú ìwé orí tábìlì gàdàgbà pé a máa tún kọ̀wé sí wọn. Ó mi orí.

"Wọn ò purọ́," ó ní. "Ẹnu dókítà ni mo ń wò lọ́jọ́ àyẹ̀wò ìgbà tí mo ń fi iṣẹ́ sílẹ̀ tí mo fi ń dáhùn. Mo tàn wọ́n jẹ, wọ́n sì gbà mí gbọ́. Kí lo tún fẹ́ kí wọ́n kọ?"

Ó ká lẹ́tà náà, ó fi í sábẹ́ Kùránì rẹ̀, kò sì mẹ́nu kàn án mọ́.

Láti ọjọ́ fọ́ọ̀mù ni mo ti pe àbúrò mi lórí fóònù, mo sì ti sọ ohun gbogbo fún un, títí dórí garawa. Ó ní òun ń bọ̀. Kò wá. Mo tún pè é, ó ní iṣẹ́ pọ̀. Mo mọ̀ pé ojú ló ń tì í. Lẹ́yìn tí lẹ́tà dé, ní àárọ̀ Sátidé kan, ó wọlé láìsọ fún ẹnikẹ́ni.

Bàbá mi wà lórí àga rẹ̀. Àbúrò mi dọ̀bálẹ̀ gbalaja níwájú rẹ̀, ó dojú délẹ̀ sórí kápẹ́ẹ̀tì, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀. Ó bẹ̀bẹ̀. Ó ní láti ọjọ́ tí òun ti gbọ́, òun kì í lè jókòó sínú ilé kí rédíò máa sọ̀rọ̀. Ó ní òun gbé nọ́ńbà rẹ̀ kúrò nínú fóònù òun fún ọdún mẹ́ta, òun sì mọ̀ ọ́n lórí. Ó sọ àwọn ohun tí n kò gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ rí láti ìgbà tí a ti bí i. Omijé àti òógùn rẹ̀ pa pọ̀ lórí kápẹ́ẹ̀tì yẹn.

Bàbá mi tẹ̀ síwájú lórí àga. Ó gbé ọwọ́ lé e lẹ́yìn. Ojú rẹ̀ ń wá ẹnu àbúrò mi, kò sì rí i, nítorí ó dojú délẹ̀. Ó gbójú sókè wò mí.

"Kí ló wí?"

Àbúrò mi gbọ́ ìbéèrè náà. Ó jókòó sílẹ̀, ó wò mí bí ẹni tí mo fi nǹkan pa mọ́ fún. Mo tọ́ka sí ìwé orí tábìlì. Ó fà á mọ́ra, ó sì gbé bírò. Gbogbo ọ̀rọ̀ tó sọ lórí ilẹ̀ yẹn, ìlà méjì péré ló lè kọ nínú rẹ̀: Bàbá, ẹ má bínú. Èmi ni mi ò gbọ́ yín.

Bàbá mi wọ awò ojú rẹ̀. Ó kà á, ó tún un kà. Ó yọ awò náà, ó ń fi etí agbádá rẹ̀ nù ún, ó ń nù ún ṣáá.

Ó ní, "Ìyá yín ni ì bá bá mi gbọ́ ọ."

Lẹ́yìn náà ó ní kí n fún àbúrò mi lóúnjẹ, pé ọ̀nà Ìbàdàn jìn. Mo gbé oúnjẹ wá. A jókòó sídìí tábìlì, àwa mẹ́ta, a sì jẹun.